Búrẹ́dì Alááyù tí Ìyá Àgbà Fi Dá Àdúgbò Lóhùn

Ẹni tó bá sọ fún yín pé onírẹ̀lẹ̀ èèyàn ni ìyá mi àgbà, ẹ bi í léèrè bóyá ó mọ̀ ọ́n rí. Èyí tí mo mọ̀, tí mo gbé lọ́dọ̀ rẹ̀ ní Albarika nílùú Parakou láti kékeré, kò tẹrí ba fún ẹnikẹ́ni àfi Ọlọ́run, Ọlọ́run náà gan-an sì ń gbọ́ tirẹ̀ nígbà míì. Ó kúrú, ó sanra díẹ̀, ó sì máa ń wé gèlè bí ẹni tó fẹ́ lọ bá èèyàn jà. Ohùn rẹ̀ ń ti inú ilé dún dé ojú títì. Tó bá ń bọ̀ láti ọjà Arzèkè, òórùn aáyù ló máa ń kọ́kọ́ wọlé kí òun fúnra rẹ̀ tó wọlé.

Mi ò fẹ́ kọ ìtàn ìgbésí ayé rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Ọdún tí wọ́n bí i, òun alára kò mọ̀ ọ́n. Tí wọ́n bá bi í, á ní ọdún tí eṣú jẹ oko baba òun ní Ṣábẹ̀ ni. Ohun tó ń bí mi nínú ni pé tí èèyàn bá ti kú báyìí, kíá ni wọ́n á sọ ọ́ di àgùntàn. Wọ́n á ní jẹ́jẹ́ ló ń lọ, kò bá ẹnikẹ́ni ṣe gbólóhùn asọ̀. Irọ́ gbuu! Ìyá mi àgbà jà. Ó jà dáadáa, mo sì fẹ́ kí ẹ mọ ohun tó jà fún.

Búrẹ́dì niṣẹ́ rẹ̀. Kì í ṣe búrẹ́dì gígùn ti àwọn Faransé tí wọ́n ń yan nílé búrẹ́dì o. Tirẹ̀ tẹ́ẹ́rẹ́, kò gùn ju àtẹ́lẹwọ́ lọ, aáyù àti òrí ló sì fi ń pa á lára. Ìgbà tó wà lọ́mọge ló kọ́ ọ nílé ìdáná òyìnbó kan tó ń ṣiṣẹ́ ọkọ̀ ojú irin, níbi tó ti ń fọ abọ́. Bọ́tà ni ìyàwó òyìnbó náà ń lò. Ìyá Àgbà ní kí ni òrí ṣe? Òrí tí Ọlọ́run fi jíǹkí ilẹ̀ Bàrìbá yìí, ẹ̀ṣẹ̀ wo ló ṣẹ̀? Báyìí ló ṣe fi òrí rọ́pò bọ́tà, ó sì sọ búrẹ́dì òyìnbó di tirẹ̀. Àwọn èrò ọkọ̀ ojú irin ló kọ́kọ́ ń tà á fún, nígbà tó yá, gbogbo àdúgbò bẹ̀rẹ̀ sí í wá rà á nílé. Ìyá Alááyù ni wọ́n ń pè é, ó sì ń jẹ́ ẹ tayọ̀tayọ̀.

Ohun tó fi ń yangàn jù ni pé búrẹ́dì rẹ̀ kì í pẹ́. Ilé búrẹ́dì a máa po ìyẹ̀fun sílẹ̀ di ọjọ́ kejì. Tirẹ̀, á bu ìyẹ̀fun sínú abọ́, á wọ́n iyọ̀ sí i, á da omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ tó ti fi po ìwúkàrà àti ṣúgà díẹ̀ lé e lórí, á ta òróró ẹ̀pà sí i, á wá bẹ̀rẹ̀ sí í gún un mọ́ abọ́ bí ẹni pé ìyẹ̀fun náà bú ìyá rẹ̀. Kò ní dúró kó wú títí. Ìgbà tó bá máa fi fọ abọ́ tó lò tán, ó ti tó. Á gé e kéékèèké, á fi àtẹ́lẹwọ́ yí i di tẹ́ẹ́rẹ́, á tò ó sórí páànù. Ìkòkò irin ńlá kan máa ń wà lórí iná, yanrìn gbígbóná wà nísàlẹ̀ rẹ̀. Inú rẹ̀ ló ń gbé páànù náà sí, á dé e, á sì kó ẹyin iná lé ọmọrí rẹ̀, kó lè jinná lókè àti nísàlẹ̀. Ìgbà tí búrẹ́dì bá jáde tó ṣì ń jóni lọ́wọ́ ni yóò ṣẹ̀ṣẹ̀ wá fi aáyù gígún tó ti yọ́ pọ̀ mọ́ òrí pa á lára.

Mo fẹ́ gbọ́n jù ú lọ nígbà kan, mo po aáyù náà mọ́ ìyẹ̀fun kó tó délé. Ó bù ú jẹ, ó tu ú dànù sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Ó ní, “Aáyù tó bá tètè débi iná, kíkorò ló ń korò. Jẹ́ kí iná ṣe tirẹ̀ tán ná.”

Kò sí ẹni tí kì í bá jà. Ó bá olùṣọ́-àgùntàn wa jà nítorí àdúrà gígùn, pé ọkùnrin náà ń jẹ́ kí búrẹ́dì òun jóná lórúkọ Jésù. Ó bá àwọn tó ń ta aáyù ní Arzèkè jà, àwọn Dẹ́ńdì tó ń kó o bọ̀ láti ọ̀nà odò, pé wọ́n ń fi èyí tó ti gbẹ sísàlẹ̀ apẹ̀rẹ̀. Tí ìjà náà bá tán, á jókòó tì wọ́n, á bi wọ́n léèrè ìyàwó àti ọmọ, wọ́n á sì ṣe ènì fún un lọ́pọ̀lọpọ̀. Màmá mi, tó jẹ́ ọmọ rẹ̀ obìnrin, jẹ́ ẹni jẹ́ẹ́jẹ́, ojú máa ń tì í. Á ní, “Ẹ jọ̀ọ́, Màmá, ẹ fi í sílẹ̀.” Ìyá Àgbà á ní, “Ẹni tí mi ò kà sí ni mo lè fi sílẹ̀. Mo ka ọkùnrin yìí sí.”

Ẹ jẹ́ n sọ òótọ́ kan: ẹlẹ́tàn díẹ̀ ni. Nígbà tí àwọn obìnrin àdúgbò kọ́kọ́ ń ráhùn pé òórùn aáyù pọ̀ jù, Ìyá Àgbà dá ọ̀rọ̀ kan sílẹ̀ fúnra rẹ̀. Ó ní àjẹ́ kì í jẹ aáyù. Ó ní tí àjẹ́ bá fẹnu kan aáyù, ètè rẹ̀ á wú lójú ẹsẹ̀. Háà! Àwọn ìyá ọlọ́mọ bẹ̀rẹ̀ sí í wọ́ wá. Àwọn tó lóyún ń wá. Àwọn ọkùnrin tí wọ́n ní òórùn náà ń fún àwọn ní orí fífọ́ ń rán ọmọ wá rà á. Mo bi í pé, “Ìyá Àgbà, ṣé òótọ́ ni?” Ó wò mí. “Ṣé o ti rí àjẹ́ kan tó wá bá mi rí pé ètè òun wú?” Mo ní rárá. Ó ní, “Ó dáa. Wọn ò jẹ ẹ́ nìyẹn.”

Ìgbà yẹn ni ìgbà ìyípadà ìjọba àwọn sójà, tí gbogbo wa jẹ́ kamaràdì, ìyẹn alájọjà. Níléèwé, kamaràdì. Lọ́fíìsì, kamaràdì. Ẹ̀ẹ̀kan lọ́sẹ̀ ni wọ́n ń pe àdúgbò jọ sí pápá iléèwé nírọ̀lẹ́, a ó na ìkúùkù sókè, a ó sì pariwo pé ìjàkadì ń tẹ̀ síwájú. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde iléèwé ni wọ́n fi ṣe dẹ̀lẹ̀gé wa, aṣojú ìjọba ládùúgbò, òun ló ń darí ìpàdé, òun ló ń gbọ́ ẹjọ́, ọ̀rọ̀ rẹ̀ sì lágbára nítorí ó lè fi èèyàn sínú ọkọ̀ kí wọ́n gbé e lọ sí àtìmọ́lé. Ọjọ́ tó kọ́kọ́ bá Ìyá Àgbà pàdé, ó na ọwọ́ sí i. “Ẹ káàárọ̀, kamaràdì Ìyá.” Ìyá Àgbà wo ọwọ́ náà bí ẹni ń wo ẹja tó ti rà. “Ta ni kamaràdì ẹ? Mo ju ìyá tó bí ẹ lọ. Dọ̀bálẹ̀, ọmọ mi, aṣọ ẹ ò ní ya.” Dẹ̀lẹ̀gé wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ díẹ̀. Ìyá Àgbà fún un ní búrẹ́dì kan kó máa jẹ lọ, ó sì sọ fún mi nígbà tó lọ tán pé, “Ìyípadà tí kò bá mọ àgbà, ẹ̀yìn ló ń yí sí.”

Ṣùgbọ́n ọ̀tá tó fẹ́ràn jù ni Sàlámátù. Ẹ̀yìn ilé wa ni Sàlámátù ń gbé, òun nìkan, ọkọ rẹ̀ ti kú tipẹ́. Orúkọ tirẹ̀ gan-an la fi ń pè é, torí kò bí ọmọ kankan tí a lè fi pè é ní ìyá lágbájá. Àwa ọmọdé ń pè é ní Màmá Sàlámátù. Òrí ló ń ṣe. Ó ń dín kóró emi lórí iná láràárọ̀, ó ń lọ̀ ọ́, ó ń pò ó, ó ń sè é, èéfín náà sì ti sọ ojú rẹ̀ pupa bí ẹni tó sunkún mọ́jú. Ọwọ́ rẹ̀ ni Ìyá Àgbà ti ń ra òrí. Ní ọjọ́ kan, láàárín Arzèkè, Ìyá Àgbà kígbe pé òrí Sàlámátù ń rùn èéfín. Sàlámátù náà dáhùn pé imú tí aáyù ti pa láti ọjọ́ yìí, ṣé òun ló fẹ́ mọ òórùn èéfín? Ọjà rẹ́rìn-ín. Láti ọjọ́ náà, wọn ò kí ara wọn mọ́.

Síbẹ̀, ọwọ́ ara wọn ni wọ́n ṣì ń rà, tí wọ́n ṣì ń tà. Èmi ni mo ń gbé igbá lọ, tí mo sì ń gbé èébú bọ̀. “Sọ fún un pé kó sẹ́ ẹ dáadáa lónìí, kó má fún mi ní èédú.” Màmá Sàlámátù á ní, “Sọ fún Alááyù yẹn pé kó lọ fọ imú.” Màmá mi ní kí wọ́n jẹ́ kí ọ̀rọ̀ náà tán. Ìyá Àgbà ní, “Kí ló fẹ́ tán? Òrí rẹ̀ ló dáa jù ní Parakou. Ẹnu rẹ̀ ni mi ò fẹ́.”

Ibi tí ọ̀rọ̀ wà nìyẹn nígbà tí ọmọ ọwọ́ kan kú nílé tó kọjú sí tiwa.

Ibà ló pa ọmọ náà. Gbogbo wa mọ̀ pé ibà ni, òjò ló ń rọ̀, ẹ̀fọn pọ̀ bí erùpẹ̀. Ṣùgbọ́n lásìkò yẹn, àjẹ́ ni wọ́n ń wá kiri. Wọ́n ń sọ ọ́ nínú ìpàdé pé àwọn arúgbó kan ló ń fa orílẹ̀-èdè sẹ́yìn, pé kí a fi wọ́n hàn. Àwọn obìnrin bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀ wúyẹ́wúyẹ́. Ta ló gbé ọmọ yẹn níjọ́ ìsọmọlórúkọ? Sàlámátù. Ta ni kò bímọ? Sàlámátù. Ta lojú rẹ̀ pupa, tó ń gbé lóun nìkan? Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, dẹ̀lẹ̀gé kéde pé tó bá dìrọ̀lẹ́, kí gbogbo èèyàn wá sí pápá, pé Sàlámátù yóò jẹ́wọ́, wọn yóò sì gbé e lọ. A ti rí obìnrin kan ládùúgbò kejì tí wọ́n gbé lọ bẹ́ẹ̀. Nígbà tó padà dé, kò mọ orúkọ ara rẹ̀ mọ́.

Màmá mi di Ìyá Àgbà lọ́wọ́ mú. “Màmá, mo fi Ọlọ́run bẹ̀ yín, ẹ má dá sí i. Ẹ̀yin náà ti dàgbà. Wọ́n á ní ẹ̀yin méjèèjì lẹ jọ ń ṣe é.”

Ìyá Àgbà ń wé gèlè lọ́wọ́. “Ọ̀tá mi ni Sàlámátù,” ló wí. “Àjẹ́ kọ́. Mo mọ ọ̀tá mi.”

Ó bu ìyẹ̀fun sínú abọ́, ó gbé e lé mi lórí, ó mú aáyù dání, a sì kọjá sẹ́yìn ilé. A bá Màmá Sàlámátù nílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó ń di aṣọ rẹ̀ sínú ìdì kan. Ó gbé ojú pupa yẹn sókè.

“Kí lo wá wò, Alááyù? O wá yọ̀ mí?”

“Mo wá bá ọ po ìyẹ̀fun. Dìde.”

“Ṣé orí ẹ pé ṣá?”

“Ó pé ju ti gbogbo wọn lọ. Ìpàdé ti fẹ́rẹ̀ẹ́ yá, ìyẹ̀fun kì í sì í dúró de ẹni tó ń ronú. Lọ fọ ọwọ́ ẹ.”

Kí ẹni tí kì í ṣe ará ọ̀dọ̀ wa lè mọ ohun tí Ìyá Àgbà ń ṣe: tí wọ́n bá ti pe obìnrin kan ní àjẹ́, ohun àkọ́kọ́ ni pé kò sẹ́ni tó máa jẹ lọ́wọ́ rẹ̀ mọ́. Omi rẹ̀, wọn ò ní mu ún. Iyọ̀ rẹ̀, wọn ò ní lá a. Wọ́n gbà pé ẹni tó bá jẹ lọ́wọ́ àjẹ́, yálà kó kú tàbí kó di ọ̀kan nínú wọn. Kí wọ́n tó gbé obìnrin náà lọ rárá, wọ́n ti yọ ọ́ kúrò láàárín èèyàn. Ọwọ́ tí wọn ò fẹ́ jẹ yìí gan-an ni Ìyá Àgbà fẹ́ kó po búrẹ́dì, èyí tí kì í pẹ́, kó lè gbóná dé ojú wọn.

Ó ṣí ilẹ̀kùn àgbàlá sílẹ̀ gbayawu, ó sì figbe ta. “Ẹ wá wò ó o! Ẹ wá wo ọwọ́ tó ń pò ó! Kí ẹnikẹ́ni má sọ lọ́la pé èmi ni!” Àwọn obìnrin kó ara wọn jọ sẹ́nu ọ̀nà, wọ́n ń fi etí aṣọ bo ẹnu. Màmá Sàlámátù ń po ìyẹ̀fun, omijé ń bọ́ lójú rẹ̀. Ìyá Àgbà kò jẹ́ kó sunkún lálàáfíà. “Ṣé bí wọ́n ṣe ń pò ó nìyẹn? O ń rọra fọwọ́ pa á lára bí ọmọ ìkókó. Gbá a!” Màmá Sàlámátù nu ojú. “Alááyù, tí o bá tún sọ̀rọ̀, ìwọ ni màá gbá.” “Ẹ̀hẹn! Gbá a báyẹn.” Ọwọ́ ara rẹ̀ ni Màmá Sàlámátù fi gún aáyù. Òrí tirẹ̀ ló fi yọ́ ọ. Nígbà tí a gbé ọmọrí kúrò lórí ìkòkò, búrẹ́dì náà ti pọ́n, kò tẹ́ẹ́rẹ́ bíi tiwa, ó wọ́ díẹ̀, ṣùgbọ́n òórùn rẹ̀ ń ta sánsán dé ojú ọ̀nà.

A gbé e dé pápá bí wọ́n ṣe ń parí orin. Dẹ̀lẹ̀gé sọ̀rọ̀ títí. Ó ní àsìkò òkùnkùn ti kọjá. Ó wá na ìka sí Màmá Sàlámátù pé kó jẹ́wọ́. Kó tó lanu, Ìyá Àgbà ti dìde.

“Ẹ̀yin tí ẹ ń ra búrẹ́dì lọ́wọ́ mi, kí ni mo sọ fún yín nípa aáyù?”

Wọ́n ń kùn. Ẹnì kan ní, “Ẹ ní àjẹ́ kì í jẹ ẹ́.”

“Mi ò gbọ́!”

“Àjẹ́ kì í jẹ aáyù!” Gbogbo pápá ló dáhùn.

Ìyá Àgbà tẹ́ àwo náà síwájú Màmá Sàlámátù. Obìnrin náà mú ọ̀kan, ó jẹ ẹ́. Ó mú èkejì. A ń wo ètè rẹ̀. Ètè rẹ̀ kò ṣe nǹkan kan, àfi pé ó ń dán fún òrí. Dẹ̀lẹ̀gé bínú. Ó ní ìgbàgbọ́ asán nìyẹn, ìyípadà kò gba irú ẹ̀. Ìyá Àgbà yíjú sí i. “Àjẹ́ tí ìwọ ń wá kiri ńkọ́, ìmọ̀ ìjìnlẹ̀ nìyẹn?”

Pápá bú sẹ́rìn-ín. Ojú dẹ̀lẹ̀gé dúdú. Ó ní ó dáa, tí obìnrin yìí bá mọ́, ta ni nínú ìpàdé yìí tó máa jẹ lọ́wọ́ rẹ̀? Ẹ̀rín dúró. Ìyá Àgbà gba ọ̀kan lọ́wọ́ Màmá Sàlámátù, ó jẹ ẹ́, ó sì lá ìka. Ẹnì kan kígbe láti ẹ̀yìn pé ìyẹn kò já mọ́ nǹkan, arúgbó ni, ikú ò sì jìnnà sí arúgbó.

Nígbà náà ni Ìyá Àgbà wò mí. Kò sọ pé kí n jẹ ẹ́, kò sọ pé kí n má jẹ ẹ́, ó kàn wò mí. Mo mọ ohun tí wọ́n sọ pé ó máa ṣe mí. Mo tún mọ Màmá Sàlámátù, mo ti jẹ ẹ̀pà nínú àgbàlá rẹ̀ ju iye tí màmá mi mọ̀ lọ. Mo dìde. Màmá mi pariwo, “Àbẹ̀kẹ́, má jẹ ẹ́! Àbẹ̀kẹ́!” Mo na ọwọ́, Màmá Sàlámátù fi búrẹ́dì sí i. Mo jẹ ẹ́ tán. Iyọ̀ pọ̀ nínú ẹ̀ díẹ̀.

Dẹ̀lẹ̀gé ní òun gbọ́. Ó ní kí a padà síbẹ̀ ní ìpàdé ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀; tí ohunkóhun bá ṣe ọmọ yìí, arúgbó méjèèjì ni wọ́n máa jọ wọ ọkọ̀.

Ẹ ò ní gbà á gbọ́, ṣùgbọ́n bó ṣe ṣẹlẹ̀ nìyí: kí ọ̀sẹ̀ náà tó dé ìdajì, ibà gbé mi dálẹ̀. Ibà kan náà tó ń mú gbogbo ọmọ Albarika lọ́dún yẹn. Ara mi ń jó, eyín mi ń gbá ara wọn. Màmá mi ń sunkún kiri ilé, “Màmá, ẹ ti pa ọmọ mi! Ẹ ti fi ọmọ mi ra orúkọ!” Àwọn èèyàn dúró sẹ́nu ọ̀nà lójú ọ̀sán gangan, wọ́n ń retí kí n kú.

Ìyá Àgbà fọ́ kínínì sínú ṣíbí, ó fún mi mu. Ó tẹ̀ sí mi létí. “Àbẹ̀kẹ́, ẹ̀rù ń bà mí,” ló wí. “Ẹ̀rù ń bà mí gidigidi. Ṣùgbọ́n ẹ̀rù kì í sọ irọ́ di òótọ́.” Ó nà dúró, ó sì pariwo láti ojú fèrèsé sí ẹ̀yìn ilé: “Sàlámátù! Wá bá mi tọ́jú ọmọ!”

Ariwo sọ lẹ́nu ọ̀nà. Ẹnì kan ní orí obìnrin yìí ti yí. Màmá Sàlámátù gba àárín gbogbo wọn kọjá, kò wo ẹnì kan, ó jókòó sórí ẹní, ó gbé orí mi lé itan. Aṣọ títutù ló ń fi nù mí lára. Nígbà tó yá, ó yíjú sí ẹnu ọ̀nà níbi tí màmá mi dúró sí, ó ní, “Ọmọ mi, omi ti tán nínú abọ́ yìí.” Mo ń wo màmá mi láti orí itan obìnrin náà. Ó pẹ́ níbẹ̀, ó ń wò mí, ó ń wo ọwọ́ tó wà lórí mi. Lẹ́yìn náà ó lọ pọn omi wá, ó fi lé e lọ́wọ́, ó sì kúnlẹ̀ ní ẹ̀gbẹ́ kejì ẹní. Ìyá Àgbà kàn sọ pé, “Ẹ̀hẹn. Ilé ti pé.”

Ibà náà lọ bí ibà ṣe ń lọ. Ní ìrọ̀lẹ́ ìpàdé, ẹsẹ̀ ara mi ni mo fi rìn dé pápá, Màmá Sàlámátù lọ́tùn-ún, màmá mi lósì. Dẹ̀lẹ̀gé wò mí láti òkè délẹ̀. Ó béèrè pé ṣé ara le. Mo ní ara le. Ó yí ìwé tó wà níwájú rẹ̀, ó ní ká bọ́ sórí ọ̀rọ̀ ìmọ́tótó àdúgbò. Ó tán. Kò sẹ́ni tó bẹ obìnrin náà, kò sẹ́ni tó ní a ṣì í ṣe.

Ẹ má rò pé wọ́n gbé Ìyá Àgbà gẹ̀gẹ̀. Wọn ò ra búrẹ́dì rẹ̀ mọ́, wọ́n ní ó ti jẹ lọ́wọ́ àjẹ́. Ó ṣì ń yan án láràárọ̀, òun àti Sàlámátù báyìí, wọ́n ń bú ara wọn lórí iná kan náà, wọ́n á sì gbé e síta. Àwa là ń jẹ ẹ́ tí ó fi sú wa. Mo bi í ìdí tó fi ń ṣe é tí kò sẹ́ni tó ń rà á. Ó ní, “Kí wọ́n lè máa gbọ́ òórùn rẹ̀ ni.” Ẹni tó kọ́kọ́ padà wá ni ìyá ọmọ tó kú. Ó dúró níwájú àwo náà. Ó na ọwọ́ sí Sàlámátù, kì í ṣe sí Ìyá Àgbà. Sàlámátù fún un. Àwọn méjèèjì sunkún, Ìyá Àgbà náà sunkún, ó ní aáyù ni.

Sàlámátù ló kọ́kọ́ kú, lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún, lórí ẹní rẹ̀, nínú ilé rẹ̀, láàárín èèyàn. Ìyẹn ni Ìyá Àgbà jà fún, ó sì rí i gbà.

Lọ́jọ́ tí a sin Ìyá Àgbà, lẹ́yìn tó ti darúgbó kùjọ́kùjọ́, èmi ni mo yan búrẹ́dì rẹ̀ fún àwọn àlejò. Bí mo ṣe ń gbé àwo kiri lábẹ́ àgọ́, mo gbọ́ obìnrin kan tó ń sọ fún ẹnìkejì rẹ̀ pé kó rọra o, pé ìyá yìí àti ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan, wọ́n ní àjẹ́ ni wọ́n nígbà ayé wọn. Wọn ò tíì bí obìnrin náà nígbà yẹn. Àwọn ẹ̀gbọ́n mi ní kí n má ṣe dá a lóhùn, pé ọjọ́ ìsìnkú ni. Mo lọ dúró síwájú rẹ̀.

“Arábìnrin mi,” mo ní, “èmi lọmọ tí wọ́n ní ó máa kú. Mo gbà á lọ́wọ́ Sàlámátù, mo jẹ ẹ́ lójú gbogbo Albarika. Ẹ wò mí dáadáa. Mo ti ní ọmọ-ọmọ.”

Mo mú ọ̀kan nínú àwo, mo jẹ ẹ́. Mo gbé àwo náà síwájú rẹ̀, mi ò sì kúrò níbẹ̀ títí ó fi na ọwọ́.